Brian Clough àti Peter Taylor: Ọwọ́ Ọmọdé, Ọwọ́ Àgbà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ọwọ́ àgbàlagbà kò wọ akèrègbè. Ẹni tí ó bá ń wá àpẹẹrẹ òwe yìí nínú eré bọ́ọ̀lù àfẹsẹ̀gbá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kí ó wo ìtàn Brian Clough.

Ìlú Middlesbrough ni a bí i sí ní ọdún 1935. Ó fìdí rẹmi nínú ìdánwò tí ì bá gbé e wọ ilé-ẹ̀kọ́ gírámà. (Kí ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ má ṣe fi èyí kẹ́wọ́ o!) Lórí pápá ni ògo rẹ̀ wà. Góòlù 251 ni ó gbá wọlé nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ líìgì 274 fún Middlesbrough àti Sunderland. Òtítọ́ ni pé ìpele kejì ni ó ti gbá èyí tí ó pọ̀ jù nínú wọn, síbẹ̀ góòlù ni góòlù ń jẹ́.

Ní ọjọ́ kejì Kérésìmesì ọdún 1962, Sunderland ń bá Bury figa gbága. Clough sáré tẹ̀lé bọ́ọ̀lù, òun àti aṣọ́lé Bury kọlu ara wọn, iṣan orúnkún rẹ̀ sì já. Ọmọ ọdún 27 ni. Ẹsẹ̀ tí ó jẹ́ ọkọ́ àti àdá fún un kò tún padà bọ̀ sípò mọ́.

Ní 1965, ó di olùdarí Hartlepools United, ẹgbẹ́ aláìní kan ní ìpele kẹrin. Ẹni àkọ́kọ́ tí ó ránṣẹ́ pè ni Peter Taylor, aṣọ́lé tí wọ́n jọ wà ní Middlesbrough. Ojú ni Taylor: ó mọ agbábọ́ọ̀lù tí ó yẹ kí wọ́n rà. Ẹnu ni Clough: ó mọ ọ̀rọ̀ tí ó lè sọ ojo di akọni. Àwọn méjèèjì gbé Derby County láti ìpele kejì dé ipò olúborí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1972. Ní 1974, Clough nìkan lọ sí Leeds. Ọjọ́ 44 péré ni ó lò níbẹ̀. Ó dé Nottingham Forest ní 1975, Taylor bá a níbẹ̀ ní 1976. Forest gba líìgì ní 1978, wọ́n sì gba Ife Ẹ̀yẹ Yúróòpù ní 1979 àti 1980. Kí ni a tún ń wí?

Ṣùgbọ́n ní 1983, Taylor, tí ó ti di olùdarí Derby, ra John Robertson kúrò ní Forest láìsọ fún Clough. Robertson yìí ni ó gbá góòlù tí ó fún Forest ní ife ti 1980. Inú bí Clough. Kò bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ sọ̀rọ̀ mọ́ títí Taylor fi kú ní 1990. Ọdún méje! Ìgbéraga ni, kò sí orúkọ mìíràn tí a lè pè é.

Clough lọ síbi ìsìnkú náà. Nígbà tí ìwé ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ jáde ní 1994, Taylor ni ó fi í sọrí, ó sì kọ ọ́ síbẹ̀ pé àárò rẹ̀ ṣì ń sọ òun gidigidi.