Àwòrán Abẹ́ Ọ̀dà Funfun

Lọ́dún 1932, David Alfaro Siqueiros, ọmọ Mẹ́síkò, ya àwòrán ńlá kan sára ògiri ní òpópónà Olvera, nílùú Los Angeles. Igbó tútù tó kún fún èso ni wọ́n ń retí. Ohun tó yà ni ọkùnrin kan lára àwọn tó ni ilẹ̀ náà kí òyìnbó tó dé, tí wọ́n so mọ́ àgbélébùú, tí ẹyẹ idì sì bà sókè orí rẹ̀. Kò pẹ́ tí wọ́n fi kun àwòrán náà ní ọ̀dà funfun.

Siqueiros ni mo kọ́kọ́ fẹ́ kọ̀wé nípa rẹ̀. Ṣùgbọ́n Shifra Goldman gba ọkàn mi. Onímọ̀ ìtàn iṣẹ́ ọnà ni. Ní ìparí àwọn ọdún 1960, nígbà tí ọ̀dà náà ti ń ṣí, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jà kí wọ́n má jẹ̀ẹ́ kí àwòrán náà run. Ó ju ogójì ọdún lọ kí wọ́n tó ṣí i fún aráyé. (Èmi ì bá ti jáwọ́ lọ́dún kejì.) Àwọn tó tọ́jú rẹ̀ kò tún un kùn, bó ṣe ṣá náà ni wọ́n fi í hàn.

Oṣù kẹwàá ọdún 2012 ni wọ́n ṣí i. Goldman kú ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2011. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ka ọjọ́ méjèèjì, bóyá mo ṣì í kà.