Nígbà Tí Ẹjọ́ Kò Bá Tẹ́ni Lọ́rùn

 

Ọ̀rọ̀ Sunday Jackson ni mo fẹ́ bá yín sọ. Àgbẹ̀ ni, ará agbègbè Numan ní Ìpínlẹ̀ Adamawa tó bá Borno wa yìí pààlà. Ní ọdún 2015, gẹ́gẹ́ bí òun fúnra rẹ̀ ṣe sọ, darandaran kan fi ọ̀bẹ kọlù ú nínú igbó. Wọ́n jọ wọ̀yá ìjà, Jackson gba ọ̀bẹ náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì fi gún un lọ́rùn. Ọkùnrin náà kú. Ẹ jẹ́ ká rántí pé òun náà ní àwọn tó ń ṣọ̀fọ̀ rẹ̀.

Ní oṣù Kejì ọdún 2021, ilé ẹjọ́ gíga ní Yola dá Jackson lẹ́bi ìpànìyàn, wọ́n sì ní kí wọ́n yẹgi fún un. Kí ni wọ́n fi dá a lẹ́bi? Ọ̀rọ̀ tí àwọn ọlọ́pàá kọ sílẹ̀ lẹ́nu rẹ̀ ni. Adájọ́ ní nígbà tó ti gba ọ̀bẹ tán, ó yẹ kó sá lọ. Èmi kì í ṣe lọ́yà, ṣùgbọ́n mo bi ara mi léèrè pé ta ló ń ronú bẹ́ẹ̀ nígbà tí ẹ̀jẹ̀ bá ń dà lára rẹ̀?

Àwa tí a ń ka Bíbélì mọ ohun tí Pọ́ọ̀lù ṣe níwájú Fẹ́sítù ní Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì orí 25. Ó gbé ọ̀ràn rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ Késárì. Kò bẹ̀bẹ̀, nítorí ẹ̀tọ́ ọmọ ìlú Róòmù ni. Bẹ́ẹ̀ náà ló rí ní Nàìjíríà. Ẹni tí ilé ẹjọ́ gíga bá dá ẹjọ́ ikú fún kò nílò àyè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni kó tó pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn. Òfin orílẹ̀-èdè ló fún un. Ó ní 90 ọjọ́ láti ṣe é. Bí ibẹ̀ náà kò bá tẹ́ ẹ lọ́rùn, ó ní 30 ọjọ́ láti lọ sí ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní Abuja.

Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kò mọ̀ ni pé wọn kì í tún ẹjọ́ náà gbọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ níbẹ̀. Wọn kì í tún pe àwọn ẹlẹ́rìí wá dúró, àfi níbi tó bá ṣọ̀wọ́n gan-an. Ìwé ẹjọ́ tó ti ìsàlẹ̀ wá ni àwọn adájọ́ ń kà, wọ́n á wò ó bóyá adájọ́ àkọ́kọ́ ṣe é bó ti yẹ. Nítorí náà, ohun tí wọ́n kọ ní àgọ́ ọlọ́pàá lọ́jọ́ kìíní yóò máa tẹ̀ lé ènìyàn títí dé Abuja.

Àti pé ìdúró náà léwu. Àwọn àgbà tó wà ní Ìbàdàn lè rántí ọ̀ràn Nasiru Bello, tí wọ́n dá ẹjọ́ ikú fún nítorí ìdigunjalè. Ó ti pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn, ẹjọ́ náà ṣì wà nílẹ̀, ni ìjọba bá pa á. Ní 1986, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ sọ pé ìjọba rú òfin, wọ́n sì ní kí wọ́n san owó fún ẹbí rẹ̀. Owó!

Ti Jackson náà pẹ́. Òfin ní kí adájọ́ dá ẹjọ́ láàárín 90 ọjọ́ tí àwọn lọ́yà bá ti sọ̀rọ̀ ìkẹyìn, ṣùgbọ́n ọjọ́ 167 ni tirẹ̀ gbà. Òfin kan náà sì sọ pé pípẹ́ nìkan kò lè sọ ìdájọ́ di asán. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn kò gbà fún un. Ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹta ọdún 2025, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ náà fọwọ́ sí ikú rẹ̀. Adájọ́ Helen Ogunwumiju nìkan ló yà kúrò lára àwọn yòókù, tó ní ọkùnrin náà gbèjà ara rẹ̀ ni.

Ní oṣù Kejìlá ọdún náà, Gómìnà Fintiri dárí jì í. A yọ̀, ó sì yẹ ká yọ̀. Ṣùgbọ́n ìdáríjì yàtọ̀ sí pé kí ènìyàn jàre. Ìdájọ́ Abuja ṣì wà nínú ìwé òfin, àgbẹ̀ mìíràn tí irú rẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ sí lọ́la ni wọn yóò kà á sí létí. Ìyẹn ni kò jẹ́ kí ara rọ̀ mí tán.

Nítorí náà, ẹ̀yin díákónì àti olórí ẹgbẹ́ nínú ìjọ tó wà lókèèrè, bí wọ́n bá mú ọmọ ìjọ yín, ẹ má dúró de ọjọ́ ìdájọ́ kí ẹ tó dìde. Òfin sọ pé ẹni tí wọ́n mú lè dákẹ́ títí yóò fi bá lọ́yà, tàbí ẹlòmíràn tó bá fúnra rẹ̀ yàn, sọ̀rọ̀. Ẹni náà lè jẹ́ ìwọ. Láàárín wákàtí 24, ó yẹ kí wọ́n kọ ìdí tí wọ́n fi mú un fún un ní èdè tó gbọ́, bó bá sì dé ilé ẹjọ́, ó ní ẹ̀tọ́ sí ògbufọ̀ lọ́fẹ̀ẹ́. Bí kò bá sí owó lọ́yà, ẹ wá Legal Aid Council. Ìyá arúgbó tó gbọ́ Yorùbá nìkan kò gbọdọ̀ tẹ̀ka sí ìwé Hausa tàbí ti Gẹ̀ẹ́sì tí ẹnikẹ́ni kò túmọ̀ fún un. Bí ìdájọ́ bá sì jáde, ẹ kọ ọjọ́ náà sílẹ̀, kí ẹ bẹ̀rẹ̀ sí ka 90 láti ibẹ̀.