Christy Essien-Igbokwe: Ọmọ Ibibio Tó Fi Orin Yorùbá Sí Wa Lẹ́nu

Ẹ bi àwọn ìyá wa pé ta ló kọ orin "Ṣeun Rere", wọn á ti dá yín lóhùn kí ẹ tó parí ọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ tún bi wọ́n pé ọmọ ibo ni olórin náà, ẹ ó rí àríyànjiyàn. Ẹni kan á ní ọmọ Ìjẹ̀bú ni, òmíràn á ní ọmọ Èkó ni.

Ọmọ Ibibio ni. Okat ní Onna, ní ìpínlẹ̀ tí à ń pè ní Akwa Ibom lónìí, ni wọ́n bí Christy Essien sí ní ọjọ́ 11, oṣù kọkànlá, ọdún 1960. Òmìnira Nàìjíríà kò tíì pé oṣù méjì nígbà náà. Ọmọ ọdún 12 ni nígbà tí ìyá rẹ̀ kú, ọ̀dọ̀ ọ̀rẹ́ ìyá rẹ̀ kan ní Aba ló sì dàgbà sí. Àwo-orin rẹ̀ àkọ́kọ́, Freedom, jáde ní ọdún 1977. Ní ọdún 1981, Ever Liked My Person? dé, inú rẹ̀ sì ni "Ṣeun Rere" wà.

Eléré tíátà orí tẹlifíṣọ̀n ni pẹ̀lú. Nínú The New Masquerade lórí NTA, òun ni Akpenor, ìyàwó Jegede Sokoya. Ẹ wò ó: ọmọ Igbo, Claude Eke, ló ń ṣe Jegede tó ń jẹ́ orúkọ Yorùbá, ọmọ Ibibio ló sì ń ṣe ìyàwó rẹ̀. Gbogbo Nàìjíríà ń rẹ́rìn-ín. Òun náà ni obìnrin àkọ́kọ́ tó jẹ ààrẹ PMAN, ẹgbẹ́ àwọn olórin ilẹ̀ wa. Ó kú ní ọjọ́ 30, oṣù kẹfà, ọdún 2011, ní ẹni 50 ọdún.

Àwa tí à ń kọ́ Yorùbá ní yunifásítì mọ̀ pé ohùn ló máa ń dójú ti àlejò. Ọkọ, ọkọ́, ọkọ̀, ọ̀kọ̀: ohùn nìkan ló yà wọ́n sọ́tọ̀. Èdè Ibibio àti Igbo náà ń lo ohùn, nítorí náà etí Christy ti mọ iṣẹ́ yẹn láti kékeré. Ṣùgbọ́n ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ ni tiwọn. Ohùn àárín tiwa yìí, ó ní láti kọ́ ọ ni. Orin tún mú un le sí i, torí bí orin bá gòkè níbi tí ọ̀rọ̀ ti wálẹ̀, nǹkan mìíràn ni olùgbọ́ máa gbọ́. Síbẹ̀, a kò rí ẹni tó gbọ́ orin yìí tó béèrè pé, "Kí ló wí?"

Àkọlé rẹ̀ gan-an dùn ún yẹ̀ wò. "Ṣe ohun rere" ni. A pa á jẹ, ó di "ṣeun rere". "Ṣeun" kan náà ló wà nínú "o ṣeun". Bí a bá dúpẹ́ lọ́wọ́ ènìyàn, ohun tó ṣe là ń tọ́ka sí.

Ọ̀rọ̀ Christy yìí tún sọ sí wa lọ́kàn nígbà tí a tẹ̀lé ọ̀kan nínú wa lọ sílé ní Odò-Ọwà. Ìlú Bámigbóyè ni Odò-Ọwà, agbẹ́gilére tó gbẹ́ àwọn ère Ẹ̀pà ńláńlá, tí Yunifásítì Yale pàtẹ iṣẹ́ rẹ̀ ní ọdún 2022. Nínú agbolé tí a dé sí, àwọn àgbà ń sọ ẹ̀ka-èdè ìlú wọn, àwọn ọmọdé ń fi Gẹ̀ẹ́sì dáhùn. Ìyá àgbà kan rán ọmọ-ọmọ rẹ̀ ní ìgbálẹ̀. Ọmọ náà wo ojú ìyá tó bí i, kó lè túmọ̀ rẹ̀ fún un. Ìyá àgbà rẹ́rìn-ín, irú èyí tí à ń rín sí ọ̀rọ̀ tó kọjá ẹkún. Ó wá bi wá pé, "Ẹ̀yin ọmọ mi, bí mo bá kú, èdè wo ni wọ́n máa fi kì mí?"

A kò dá ọmọ náà lẹ́bi. Ọ̀kan nínú wa ti kúnlẹ̀ rí ní ilé-ìwé aládàáni kan torí pé ó sọ Yorùbá ní kíláàsì. Òbí tó rí irú ìyẹn á bẹ̀rù fún ọmọ tirẹ̀. Ṣùgbọ́n èdè kì í sí nínú ẹ̀jẹ̀. Etí ló ń gbà wọlé, ẹni tí a bá sì ń sọ ọ́ sí ló ń gbọ́ ọ. Bí ọmọ Okat bá lè gbọ́ Yorùbá débi tí àwọn ìyá wa fi ń pè é ní ọmọ Ìjẹ̀bú, ọmọ Odò-Ọwà lè gbọ́ "ìgbálẹ̀".

Kí a tó kúrò, a gba oríkì ìyá àgbà náà sórí fóònù, a kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú àmì ohùn, a sì fún ìyá ọmọ náà ní ẹ̀dà kan. Ó ní òun á máa kà á sí i létí ní alaalẹ́.

Ẹ̀yin náà ńkọ́? Ta ló mọ oríkì ìyá yín àgbà nílé yín?