Ohùn Màmá ní Ẹdẹ

Ní ọdún tí mo parí ẹ̀kọ́ mi ní yunifásítì, mo kọ iṣẹ́ ìwádìí kan lórí bí àwọn òǹkọ̀wé Yorùbá ṣe ń fi obìnrin hàn nínú ìwé wọn. Ojú-ìwé rẹ̀ lé ní ọgọ́ta. Mo gbé ẹ̀dà kan lọ sí Ẹdẹ láti fi han ìyá tí ó bí ìyá mi. Màmá kò mọ̀wé kà. Wọ́n gba ìwé náà lọ́wọ́ mi, wọ́n fi ọwọ́ gbé e wò bí ẹni tí ó fẹ́ mọ̀ bóyá iṣu wúwo, wọ́n sì bi mí pé: “Àbẹ̀kẹ́, obìnrin mélòó ni ó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ̀rọ̀ nínú èyí?”

N kò rí èsì fọ̀. Ìbéèrè náà bá mi gbé fún ọdún díẹ̀, òun ni ó sì tún gbé mi padà sí Ẹdẹ ní ìjẹta oṣù.

Ẹni tí ó bá gba ọ̀nà Gbọ̀ngán wá láti Ìbàdàn yóò kan Àkódà kí ó tó wọ ìgboro Ẹdẹ. Òṣogbo kò jìnnà síbẹ̀ rárá. Odò Ọ̀ṣun ń ṣàn lẹ́bàá ìlú, ojú irin tí ó dé Òṣogbo ní ọdún 1907 sì gba ibẹ̀ kọjá. Lónìí, ilé-ẹ̀kọ́ gíga pọ̀ ní Ẹdẹ: Pólì ìjọba àpapọ̀ wà níbẹ̀, Yunifásítì Redeemer's wà níbẹ̀, Yunifásítì Adélékè náà sì wà níbẹ̀. Àwọn ọmọbìnrin tí wọ́n gbé báàgì ìwé kọ́ èjìká ni wọ́n kún inú ọkọ̀ tí mo wọ̀. Mo wò wọ́n, mo sì ń rò ó pé ìlú tí ìwé pọ̀ tó báyìí, ìwé ta ni ohùn ìyá wọn wà nínú rẹ̀?

Àwa Yorùbá kò ṣàì mọ Ẹdẹ nínú lítíréṣọ̀. Ìlú Tìmì ni, jagunjagun tí ìtàn sọ pé Ṣàngó rán láti Ọ̀yọ́ wá ṣọ́ ibodè. Ìtàn Tìmì àti Gbọ̀nkáà ni Dúró Ládiípọ̀ fi kọ eré *Ọba Kò So*, tí wọ́n kọ́kọ́ ṣe ní Òṣogbo ní ọdún 1963, tí wọ́n sì gbé lọ sí Berlin ní Jámánì ní ọdún 1964. Ní ìgbà náà, ẹni tí ó wà lórí ìtẹ́ Ẹdẹ ni Ọba Adétòyèṣe Láoyè, ọba tí òun fúnra rẹ̀ jẹ́ ọ̀gá nínú ìlù lílù. Abíọ́dún, ìyàwó Dúró Ládiípọ̀, ni ó ṣe Ọya nínú eré yìí. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ sì kú ní ọdún 1978, obìnrin yìí kò jẹ́ kí eré náà kú. Síbẹ̀, bí ẹ bá ṣí ìwé eré náà, orúkọ ọkùnrin ni ẹ óò rí lẹ́yìn rẹ̀.

Bí ọ̀rọ̀ ṣe rí nínú ìwé Yorùbá nìyẹn fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ìtàn Ṣẹ̀gilọlá Ẹlẹ́yinjú Ẹgẹ́, tí ó jáde nínú ìwé ìròyìn *Akéde Èkó* láàárín ọdún 1929 sí 1930, jẹ́ lẹ́tà tí obìnrin kan ń kọ nípa ayé rẹ̀. “Èmi” ni ó ń sọ jálẹ̀. Ṣùgbọ́n I. B. Thomas, ọkùnrin, olóòtú ìwé ìròyìn náà, ni ó ń fi orúkọ Ṣẹ̀gilọlá sọ̀rọ̀. Ní ọdún 1970, Akínwùmí Ìṣọ̀lá gbé *Ẹfúnṣetán Aníwúrà* jáde. Ìyálóde Ìbàdàn tí a bá pàdé nínú eré náà jẹ́ òǹrorò. Ọdún 1992 ni ọ̀jọ̀gbọ́n nínú ìmọ̀ ìtàn, Bọ́láńlé Awẹ́, kọ ti Ìyálóde náà sínú ìwé kan tí ó ṣe olóòtú rẹ̀. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ nínú wa ti rí oníṣòwò ńlá àti olóyè tí ó ń bá àwọn alágbára ìlú figagbága. Obìnrin kan náà ni. Ẹni tí ó mú kálámù ni ó yàtọ̀.

Kì í ṣe ilẹ̀ wa nìkan ni èyí ti ṣẹlẹ̀. Ìwé kan tí mo gbé dání nínú ìrìn-àjò yìí jẹ́ ti Grazia Deledda, ọmọ ilẹ̀ Ítálì. Ní Ítálì, Beatrice ni obìnrin tí òkìkí rẹ̀ kàn jù lọ nínú iṣẹ́ Dante, akéwì wọn àtijọ́. Dante yìn ín, ó gbé e dé ọ̀run, ṣùgbọ́n Beatrice fúnra rẹ̀ kò fi ìlà kan ṣoṣo sílẹ̀ fún wa. Ó di ọdún 1906 kí Sibilla Aleramo tó kọ *Una donna*, ìtàn ìyá kan tí ó kúrò ní ilé ọkọ tí ó ń jẹ ẹ́ níyà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ní láti fi ọmọ rẹ̀ sílẹ̀. Deledda ní tirẹ̀, ìlú kékeré kan tí ń jẹ́ Nuoro, ní erékùṣù Sardinia, ni wọ́n bí i sí ní ọdún 1871. Kò ju ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lọ. Ó kọ ìtàn àwọn ará ìlú rẹ̀, inú wọn kò sì dùn sí i pé ọmọbìnrin ń tú àṣírí ilé síta. Wọ́n fún un ní ẹ̀bùn Nobel ti ọdún 1926. Obìnrin kan ṣoṣo ni ó ti gbà á ṣáájú rẹ̀ fún lítíréṣọ̀.

Bí mo ti ń ka Deledda, èrò Màmá ni ó ń wá sí mi lọ́kàn. Ìyàtọ̀ kan wà: Màmá kò nílò ìwé kí wọ́n tó di aláṣẹ ọ̀rọ̀. Karin Barber, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó gbé ní Òkukù, ní ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun yìí kan náà, kọ ìwé ńlá kan ní ọdún 1991 nípa oríkì àti àwọn obìnrin tí ń kì í. Ohun tí ó wà níbẹ̀ kò ṣàjèjì sí ẹni tí wọ́n tọ́ ní agboolé: àwọn ìyàwó ilé àti àwọn ọmọ-osú ni wọ́n mọ ìtàn orílẹ̀. Wọ́n mọ ti ilé baba wọn, wọ́n sì mọ ti ilé ọkọ. Bí ọkùnrin bá fẹ́ gbọ́ ẹni tí òun jẹ́, ẹnu obìnrin ni yóò ti gbọ́ ọ.

Ní alẹ́ ọjọ́ tí mo dé, mo gbé fóònù mi sórí àpótí níwájú Màmá, mo ní kí wọ́n kì oríkì ìdílé wa kí n lè gbà á sílẹ̀.

“Ta ni kí n kì?”

Mo ní kí wọ́n ṣáà máa kì í.

“A kì í ki afẹ́fẹ́, ọmọ mi.” Wọ́n yí ojú sí ẹ̀gbẹ́ kejì, wọ́n sì ń ka tẹ̀súbáà wọn lọ.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, lẹ́yìn ìrun àsùbáà, mo jáde lọ kí wọn. Bí orúnkún mi ti kanlẹ̀ ni Màmá bẹ̀rẹ̀. Ohùn tí ikọ́ ti ń bá fà láti ọjọ́ pípẹ́ là gaara. Àbẹ̀kẹ́ ni wọ́n kọ́kọ́ pè mí, ẹni tí a bẹ̀ kí a tó kẹ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n bọ́ sí ti orílẹ̀. Mo gbọ́ nípa ìyá aláró kan tí ọwọ́ rẹ̀ kì í gbẹ. Mo gbọ́ nípa obìnrin kan tí ó di ẹrù rẹ̀ kúrò nílé ọkọ ní ọ̀sán gangan, tí ó padà wá kọ́lé sí ẹ̀yìnkùlé baba rẹ̀. Oríkì kò bú u. Ó yìn ín. Èmi tí mo rò pé Ítálì ni mo ti pàdé irú obìnrin bẹ́ẹ̀, àṣé ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wà lára mi. Fóònù mi wà ní yàrá, ó ń gba iná.

Lójijì ni Màmá dákẹ́. Wọ́n fẹ́ dárúkọ ẹni tí ó bí aláró náà. Wọ́n gbé ọwọ́ sí iwájú orí, wọ́n tún un bẹ̀rẹ̀ láti òkè, wọ́n tún dúró síbẹ̀. “Ó ti lọ,” ni wọ́n wí jẹ́jẹ́. “Ìyáálé mi ni ó mọ̀ ọ́n.” Ìyáálé wọn ti jáde láyé ní ọdún méjì sẹ́yìn. Ní ọdún tí mo ń kọ ojú-ìwé ọgọ́ta nípa obìnrin, ìyá náà wà láàyè, yàrá kejì sí ti Màmá ni wọ́n ń sùn. N kò bi wọ́n ní ohunkóhun.

Màmá wò mí, wọ́n ní, “Ó yá, ìwọ náà kì mí.” Mo gbìyànjú. Ẹsẹ̀ mẹ́ta péré ni mo mọ̀. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn, wọ́n sì ń fi ìyókù sí mi lẹ́nu díẹ̀díẹ̀ bí ẹni ń fún ọmọ ní ẹ̀kọ.

Ọjọ́ mẹ́rin ni mo lò. Ní àràárọ̀, wọ́n á kì mí, èmi náà á kì wọ́n. Ní ọjọ́ kẹrin, mo lè kì í dé ibi tí Màmá ti dúró. Alẹ́ ọjọ́ náà ni mo tó mú ìwé àti bírò. Mo kọ gbogbo rẹ̀, mo sì fi ìlà kan sílẹ̀ ní òfìfo fún orúkọ ìyá tí a kò mọ̀ mọ́.

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, bí ẹ bá ní ìyá àgbà nílé, ẹ má ṣe kọ́kọ́ gbé fóònù síwájú wọn. Ẹ jí ní kùtùkùtù, ẹ kúnlẹ̀ tàbí kí ẹ dọ̀bálẹ̀, kí wọ́n rí ẹni tí wọn yóò kì. Bí wọ́n bá sì ní ìyáálé tàbí ìyàwó tí ó ṣì wà láàyè, ẹ kan ilẹ̀kùn yàrá kejì náà pẹ̀lú.