Gem Ọ̀fẹ́ ní Lálúpọn

(Àbúrò ń tún fóònù ṣe ní Lálúpọn, ó sì ń bá àwọn ọ̀dọ́ fi géèmù sórí tiwọn. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Finland dé.)

ÀBÚRÒ: Bọ̀dá mi, Helsinki gan-an lẹ gbé, níbi tí iléeṣẹ́ Supercell wà, ẹ ò wá mọ géèmù wọn, Clash of Clans, í gbá?

Ẹ̀GBỌ́N: Òtútù ni mo mọ̀ níbẹ̀. Wọ́n ní o ń gbowó lọ́wọ́ àwọn ọmọ yìí, o ń fún wọn ní ayédèrú rẹ̀.

ÀBÚRÒ: Kì í ṣe ayédèrú o, sáfà míì ni, ìyẹn kọ̀ǹpútà tó ń gbé géèmù náà fáwọn tó ń gbá a. Ẹnì kan tó mọṣẹ́ kọ̀ǹpútà ló gbé tirẹ̀ kalẹ̀, àwa á wá fi APK, ìyẹn fáìlì géèmù tó mọ ọ̀nà ibẹ̀, sórí fóònù. Ní ti Supercell, béèyàn bá fẹ́ mú ilé ẹ̀ tóbi sí i, ó lè fi ọ̀pọ̀ ọjọ́ dúró, àfi kó fowó ra gem tó ń mú un yá. Ta ló lówó ẹ̀, pẹ̀lú bí dọ́là ṣe wọ́n? Kí wọ́n tó tú náírà sílẹ̀ ní oṣù kẹfà 2023, dọ́là kan ò tó 500 náírà ní báńkì. Kí oṣù kejì 2024 tó parí, ó ti lé ní 1,400. Lórí sáfà tiwa, gem ò lópin. Ọmọ tó ti hú ẹ̀gẹ́ látàárọ̀, alẹ́ ọjọ́ yẹn gan-an ló fẹ́ kọ́ ìlú ẹ̀ tán.

Ẹ̀GBỌ́N: Ó yé mi. Àwọn tó fẹ́ràn World of Warcraft náà dá sáfà kan sílẹ̀, Nostalrius, kí wọ́n lè máa gbá èyí àtijọ́ tí Blizzard tó ni géèmù náà ti pa tì. Blizzard fi lọ́yà dẹ́rù bà wọ́n, wọ́n sì tì í ní oṣù kẹrin 2016. Nígbà tó di 2019, Blizzard fúnra ẹ̀ gbé èyí àtijọ́ náà jáde.

ÀBÚRÒ: Ẹ ò rí i! Olè ló kọ́ onílé lọ́gbọ́n.

Ẹ̀GBỌ́N: Àmọ́ lọ́jọ́ tí wọ́n tì í, ìta ni gbogbo àwọn tó ń gbá a wà. Ṣùgbọ́n eré lásán nìyẹn. Fóònù wo làwọn ọmọ tìrẹ fi ń gbá a?

ÀBÚRÒ: Ẹyọ kan tí wọ́n ní náà ni.

Ẹ̀GBỌ́N: Òun náà ni báńkì wọn. Orí ẹ̀ ni OTP tí báńkì ń fi tẹ́síìtì ránṣẹ́ ń wọlé sí. APK tí kò gba Play Store kọjá, ta ló bá yín yẹ inú ẹ̀ wò? Bó bá ní kẹ́ ẹ jẹ́ kóun máa ka tẹ́síìtì, kí ni géèmù fẹ́ fi tẹ́síìtì ṣe?

ÀBÚRÒ: Àwọn míì máa ń bèèrè. Ta ló ń kà á? “Allow” la máa ń tẹ̀.

Ẹ̀GBỌ́N: Wọ́n á tún ní kí ọmọ fi páásíwọọ̀dù forúkọ sílẹ̀, èyí tó fi ń ṣí Gmail ẹ̀ ló máa tẹ̀ síbẹ̀. Ẹni tó ni sáfà, ẹ ò morúkọ ẹ̀, ẹ ò mọlé ẹ̀. Ta lẹ máa fẹjọ́ sùn?

ÀBÚRÒ: Kí wá ni ṣíṣe? Ẹ má sọ pé kí wọ́n máa ra gem o.

Ẹ̀GBỌ́N: Fóònù àtijọ́ tí kò ní síìmù, tí wọn ò fi Gmail wọn sí, àti páásíwọọ̀dù tí wọn ò lò níbòmíì. Kí wọ́n máa gbá a lórí ìyẹn títí ilẹ̀ á fi mọ́.

ÀBÚRÒ: Fóònù kejì! Ṣé ẹ kó o bọ̀ láti Helsinki ni?

Ẹ̀GBỌ́N: Méjì wà nínú báàgì mi. Ojú ọ̀kan ti fọ́ ṣá.

ÀBÚRÒ: Ẹ kó méjèèjì wá. Iṣẹ́ tèmi nìyẹn.