Ooyà Oiwa

Ooyà kan kò jẹ́ kí ọkàn mi balẹ̀. Inú fíìmù Tokaido Yotsuya Kaidan ló wà, èyí tí Nobuo Nakagawa darí fún ilé-iṣẹ́ Shintoho ní Japan lọ́dún 1959. Iemon, samurai tí kò ní ọ̀gá mọ́, ti fún Oiwa ìyàwó rẹ̀ ní májèlé mu, ó ní oògùn ni, kí òun lè ráyè fẹ́ ọmọ olówó. Ojú obìnrin náà wú, ó bàjẹ́. Ó mú ooyà, ó ń ya irun rẹ̀. Bó ṣe ń yà á ni irun ń ṣí kúrò lórí.

Kí ló dé tí Nakagawa kò tètè kúrò lórí ìran ooyà yìí? Shintoho kò lówó lọ́wọ́. Mitsugu Okura tó jẹ́ ọ̀gá ibẹ̀ fẹ́ fíìmù tí kò náni lówó, tí èrò yóò sì rọ́ wá wò. Ìgbà ooru ni fíìmù iwin máa ń jáde ní Japan, nítorí ìgbà náà ni àsìkò Obon, tí wọ́n gbà pé àwọn òkú ń padà wálé. Odindi fíìmù náà, ìṣẹ́jú 76 péré ni. Ẹni tí owó há fún, tí àkókò há fún, kí ló ń jókòó ti ooyà fún?

Ibi tí mo ti ń rò ó ni mo ti rántí àbúrò ìyá mi. Àìsàn ti dá a gúnlẹ̀ nígbà náà. Wọ́n ní àlejò ń bọ̀, ó ní kí n gbé òun jókòó, kí n fún òun ní ooyà. Ìwọ̀nba irun tó kù níwájú orí rẹ̀ há sáàárín eyín ooyà. Ó wò ó, kò sọ nǹkan kan, ó ń yà á lọ. Lẹ́yìn náà ló ní kí n bá òun wé gèlè, kó má sì fì sápá kan.

Láti ìgbà náà, ọ̀rọ̀ owó Shintoho bọ́ lọ́kàn mi. Nínú eré orí ìtàgé Tsuruya Nanboku ti ọdún 1825, níbi tí ìtàn náà ti wá, ìyá Oiwa ló fi ooyà náà sílẹ̀ fún un, ìmúra ni Oiwa sì ń múra láti jáde lọ bá àwọn tó ṣe é níkà. Májèlé wà lára rẹ̀, síbẹ̀ kò fẹ́ jáde ní jákujàku. Iyì ara rẹ̀ ló dì mú, òun gan-an sì ni Iemon fẹ́ gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

Mo wá rí ìdí tí fíìmù náà fi parí bó ṣe parí. Iemon kan òkú Oiwa mọ́ ilẹ̀kùn, ó jù ú sódò, òkú náà sì dà á láàmú títí òun náà fi kú. Ẹlòmíràn ìbá dúró síbẹ̀, ẹ̀san ti ké. Ṣùgbọ́n Nakagawa tún mú Oiwa wá síwájú wa: ojú rẹ̀ ti padà sí bó ṣe rí tẹ́lẹ̀, ọmọ rẹ̀ sì wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Jigoku, fíìmù ọ̀run àpáàdì tó ṣe lọ́dún 1960, ni ọ̀pọ̀ fi mọ Nakagawa. Níbẹ̀, ọmọ jòjòló kan ń léfòó lórí ewé, ọwọ́ bàbá rẹ̀ kò sì tó o. Nínú Yotsuya, Oiwa ni Nakagawa gbé ọmọ fún. Shintoho wọ gbèsè lọ́dún 1961, ó kógbá sílé. Nakagawa ń ṣe fíìmù títí di ọdún 1982. Ẹ̀yin tí ẹ bá fẹ́ mọ̀ ọ́n, ẹ fi Jigoku sílẹ̀ ná. Yotsuya ni kí ẹ kọ́kọ́ wò, kí ẹ sì wò ó dópin.