Wọ́n wólé wọn l’Otodo Gbame, ni wọ́n bá gbé kámẹ́rà!

Ẹni tó bá dé ìhà Ìkátẹ̀, ní Lẹ́kì, l’Èkó, tó ní kí wọ́n fi abúlé Otodo Gbame han òun, asán ló máa bá. Abúlé àwọn Ègùn apẹja ni, etí ọ̀sà gan-an ló wà. Ẹja ni wọ́n ń pa, ẹja ni wọ́n ń yan, ọkọ̀ ojú omi sì ni mọ́tò wọn.

Oṣù kẹwàá, ọdún 2016, ni ìjọba Èkó kéde pé àwọn máa wó gbogbo ilé pákó tó wà létí omi, wọ́n ní àwọn ajínigbé ń fi ibẹ̀ ṣe ibùba. Àwọn ará abúlé sáré gba kóòtù lọ. Lọ́jọ́ 7, oṣù kọkànlá, adájọ́ ní kí wọ́n ṣì dáwọ́ dúró. Lọ́jọ́ 9, iná ti sọ, katapílà sì ti dé. Nígbà tó fi máa di oṣù kẹrin, ọdún 2017, kò sílé kankan mọ́. Nǹkan bíi 30,000 èèyàn ló di aláìnílé, àwọn mìíràn ń sun inú ọkọ̀ ojú omi tọmọtọmọ.

Wàhálà mìíràn tún dé. Ìjọba ní ìjà àárín àwọn ará àdúgbò ló fa iná. Àwọn ará abúlé ní irọ́ gbuu ni, wọ́n ní ìṣojú ọlọ́pàá ni ilé àwọn ṣe jóná. Ṣé ẹ wá rí i, tálákà tí wọ́n ti fi ajínigbé pè, ta ni yóò gba tiẹ̀ gbọ́?

Ibi tí kámẹ́rà ti wúlò nìyẹn. Àwọn lọ́yà kan tí wọ́n ń jẹ́ Justice & Empowerment Initiatives, àti ẹgbẹ́ àwọn tó ń gbé àdúgbò tálákà, ni wọ́n kọ́ àwọn ọ̀dọ́ irú àdúgbò bẹ́ẹ̀ níṣẹ́ fídíò. Kì í ṣe pé oníròyìn kan máa ya fọ́tò tán, kó wọ mọ́tò ẹ̀ lọ o. Ọmọ ibẹ̀ ló di kámẹ́rà mú, aládùúgbò ẹ̀ ló ń bá sọ̀rọ̀.

Lára wọn ló di Agbajowo Collective. Àwọn méje ló jọ darí fíìmù The Legend of the Vagabond Queen of Lagos. Àwọn ará àdúgbò etí omi pọ̀ nínú àwọn tó ṣeré náà. Eré ni, ṣùgbọ́n ìwólé tó ṣẹlẹ̀ lóòótọ́ ni wọ́n fi ṣe é. Oṣù kẹsàn-án, ọdún 2024, ló dé Toronto, ní Kánádà.

Lóòótọ́, kóòtù gíga Èkó ti sọ lóṣù kẹfà, ọdún 2017, pé lílé tí wọ́n lé àwọn èèyàn yìí lòdì sófin. Àmọ́ ìdájọ́ ò ṣe é fi bo orí nígbà òjò. Iyanrìn ni wọ́n dà sí ọ̀sà níbẹ̀, ilé olówó ni wọ́n sì ní lọ́kàn. Ilẹ̀ tí wọ́n ní kò yẹ fún apẹja láti gbé, ó yẹ fún olówó!

Fíìmù ò lè dá ilé padà. Ṣùgbọ́n bí ẹnikẹ́ni bá ní kò sí abúlé kankan níbẹ̀ rí, kó lọ wo fọ́nrán.